Ọdún 60 tàbí 65: ta ló láṣẹ láti sọ ìgbà tí olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì máa fẹ̀yìntì?

Bàbá Ṣọ́ọ̀kì:
Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ará. Mo ní ìbéèrè òfin kan, mo sì fẹ́ kí àwọn tó mọ ìdí ọ̀rọ̀ bá mi dá sí i. Kọ́lẹ́ẹ̀jì olùkọ́ni ti ìpínlẹ̀ ni mo ti ń ṣiṣẹ́, kì í ṣe ti ìjọba àpapọ̀. Láti ọdún 2012 ni òfin ìjọba àpapọ̀ ti sọ ọjọ́ orí ìfẹ̀yìntì àwọn òṣìṣẹ́ Pólì àti kọ́lẹ́ẹ̀jì olùkọ́ni di 65. Lọ́dọ̀ tiwa, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀ ò ṣe òfin kankan lórí ẹ̀. Ìgbìmọ̀ olùdarí kọ́lẹ́ẹ̀jì ló jókòó, tí wọ́n ní àwọn ti gba 65 wọlé. Wọ́n fún wa ní lẹ́tà, inú wa dùn.

Ìjọba wá yí padà. Àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé sọ pé ìgbìmọ̀ ò láṣẹ láti ṣe ohun tí wọ́n ṣe yẹn, pé 60 tàbí ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́, èyíkéyìí tó bá kọ́kọ́ pé, ni àwọn mọ̀. Àwọn tó ti lé ní 60 ti gba ìwé pé kí wọ́n máa lọ sílé. Èmi ò tíì pé 60, àmọ́ ó kù fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́.

Bí a ṣe ń rò ó lọ́wọ́, àwọn ọ̀dọ́ olùkọ́ kan láàárín wa ní àwọn náà ń lọ sí kóòtù, kí adájọ́ fagi lé 65 pátápátá, torí àwa àgbà la dí ọ̀nà ìgbéga mọ́ wọn. Nínú gbogbo wa, ta ló ní ẹjọ́? Kóòtù wo la sì máa gbé e lọ?

Akọ̀wé Ẹgbẹ́:
Bàbá, ẹ fọkàn balẹ̀. Òfin ti wà nílẹ̀. Abala 4(5) ìwé òfin orílẹ̀-èdè yìí sọ ọ́ kedere pé bí òfin ìpínlẹ̀ bá ta ko ti àpapọ̀, ti àpapọ̀ ló máa lékè. 65 ni, kò sí àríyànjiyàn. Ẹ jẹ́ ká kó ara wa jọ, ká pe ìjọba lẹ́jọ́. Wọ́n máa sanwó ìtanràn sí i.

Màmá Bọ́sà:
Akọ̀wé, ẹ̀yin ẹ máa ń sọ pé "ẹ jẹ́ ká pè wọ́n lẹ́jọ́", owó àwọn ọmọ ẹgbẹ́ lẹ fi ń san agbẹjọ́rò. Ẹ dúró ná kí àwọn tó kà á sọ̀rọ̀.

Amòfin Ìlú Òkè:
Ẹ má bínú, Akọ̀wé, ọ̀rọ̀ yẹn ò rọrùn tó bẹ́ẹ̀. Òótọ́ ni abala 4(5) tí ẹ tọ́ka sí. Ṣùgbọ́n ẹ tún un kà: òfin àpapọ̀ tó máa lékè gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí Abuja lágbára láti ṣe. Ibẹ̀ gan-an ni ìjà wà.

Ẹ ṣí àtẹ kejì ìwé òfin ọdún 1999, apá kejì, ìlà 27 sí 30. Ìlà 27 fún ilé aṣòfin àpapọ̀ lágbára lórí ẹ̀kọ́ yunifásítì, ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ, àti ẹ̀kọ́ iṣẹ́ àkọ́mọ̀ọ́ṣe tí ilé náà bá fúnra rẹ̀ yàn bẹ́ẹ̀. Ìlà 30 wá ní kò sí ohun tí wọ́n sọ lókè yẹn tó gbọ́dọ̀ dín agbára ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ kù lórí ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ẹ̀kọ́ girama, ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọwọ́ àti oríṣìí ẹ̀kọ́ mìíràn.

Ibo wá ni kọ́lẹ́ẹ̀jì olùkọ́ni bọ́ sí? Agbẹjọ́rò yín máa sọ pé iṣẹ́ olùkọ́ jẹ́ iṣẹ́ àkọ́mọ̀ọ́ṣe, nítorí náà Abuja láṣẹ. Agbẹjọ́rò ìjọba máa dáhùn pé ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ kọ́ lèyí rárá, ọ̀rọ̀ ẹni tí ìpínlẹ̀ ń san owó oṣù fún ni, àti pé ìgbà tí òṣìṣẹ́ ìpínlẹ̀ máa kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ò kan ẹnikẹ́ni ní Abuja. Abala 210 náà wà níbẹ̀, tó fi owó ìfẹ̀yìntì òṣìṣẹ́ ìpínlẹ̀ sábẹ́ òfin. Ká sọ òótọ́, èyí èkejì yẹn wúwo lójú mi ju ti àkọ́kọ́ lọ.

Ẹ tún wo òfin àwọn olùkọ́ tí Ààrẹ Buhari buwọ́ lù ní ọdún 2022, èyí tó sọ ọ́ di 65 tàbí ọdún 40 lẹ́nu iṣẹ́. Bó bá jẹ́ pé òfin àpapọ̀ nìkan tó, kí ló dé tí àwọn ìpínlẹ̀ tó fẹ́ ẹ tún lọ ń ṣe tiwọn?

Ọmọ Hyderabad:
Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n wọlé síbí. Íńdíà ni mo ti kàwé. Àríyànjiyàn yìí kan náà ni wọ́n jà níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, títí dé ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ, ẹ̀ẹ̀mẹta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Àwọn olùkọ́ fìdí rẹmi nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Àkọ́kọ́ ni ti Kerala, T.P. George, ní 1992. Àjọ tó ń bójú tó yunifásítì níbẹ̀, tí wọ́n ń pè ní UGC, ti fi 60 sínú ètò rẹ̀, àmọ́ Kerala ní 55 ni òun mọ̀. Kóòtù ní ètò àjọ náà ò de ìpínlẹ̀ mọ́lẹ̀ lórí ọjọ́ orí. Èkejì ni ti Yunifásítì Osmania ní Hyderabad níbẹ̀, B. Bharat Kumar, 2007. Ìyẹn dá lórí 62. Ìdáhùn kan náà ni wọ́n gbà.

Ẹ̀kẹta ló dùn jù. Lópin 2008, ìjọba àpapọ̀ Íńdíà kọ̀wé sí àwọn ìpínlẹ̀: ẹ gba ètò owó oṣù tuntun yìí lódindi, a ó gbé ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún àfikún owó náà fún yín, láti January 2006 dé March 2010. Àmọ́ "lódindi" yẹn kó 65 mọ́ra. Àwọn ìpínlẹ̀ kan fẹ́ owó, wọn ò fẹ́ 65. Àwọn olùkọ́ ní kò ṣeé ṣe, tí ẹ bá ti gba owó, ẹ gbọ́dọ̀ gba ọjọ́ orí. Ẹjọ́ náà ni Jagdish Prasad Sharma àti ìpínlẹ̀ Bihar. Ní oṣù Keje ọdún 2013, kóòtù ní ìpínlẹ̀ kò sí lábẹ́ dandan láti sún ọjọ́ orí síwájú. Ẹni tó bá fẹ́ lè ṣe é, ẹni tí kò bá fẹ́ kò ṣẹ̀.

Ẹ sì rántí pé lọ́dọ̀ wọn náà, látìgbà tí wọ́n tún ìwé òfin wọn ṣe ní 1976, ìjọba àpapọ̀ àti ìpínlẹ̀ ni wọ́n jọ ní agbára lórí ẹ̀kọ́, bíi tiwa.

Akọ̀wé Ẹgbẹ́:
Íńdíà kì í ṣe Nàìjíríà. Àjọ ni UGC, ètò àjọ kì í ṣe òfin. Tiwa, ilé aṣòfin ló ṣe é, Ààrẹ sì fọwọ́ sí i.

Amòfin Ìlú Òkè:
Ìyàtọ̀ gidi ni ẹ rí yẹn, mo gbà. Adájọ́ wa ò sì ní láti tẹ̀lé ti Íńdíà, ó kàn lè gbọ́ ọ ni. Àmọ́ ìbéèrè ibẹ̀ ni ìbéèrè tiwa: ẹni tó ń sanwó àti ẹni tó ń gbani síṣẹ́, ṣé ẹlòmíràn lè bá a sọ ìgbà tí òṣìṣẹ́ rẹ̀ máa lọ?

Ẹ wo àwọn adájọ́ fúnra wọn. Ọjọ́ orí tiwọn wà nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè, abala 291. Nígbà tí wọ́n fẹ́ sọ ọ́ di 70 fún gbogbo adájọ́ kóòtù gíga, wọn ò fi òfin lásán ṣe é. Ìwé òfin ni wọ́n tún ṣe, àwọn ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ dìbò sí i, Ààrẹ sì buwọ́ lù ú ní 2023. Bẹ́ẹ̀, kò sí ẹni tó lè pè wọ́n lẹ́jọ́ pé wọn ò láṣẹ.

Àbúrò Dókítà:
Ẹ kú ọ̀rọ̀ o, ẹ̀yin àgbà. Mo wà lára àwọn ọ̀dọ́ tí Bàbá Ṣọ́ọ̀kì ń sọ (kọ́lẹ́ẹ̀jì mìíràn ni tèmi, ọ̀rọ̀ kan náà ni). Ẹ má rò pé a kórìíra yín. Àyè olùkọ́ àgbà ní ẹ̀ka wa níye. Ẹni kan ò lè gorí i àfi kí ẹni kan kúrò. Ọdún márùn-ún tí wọ́n fi kún tiyín, ọdún márùn-ún ni wọ́n yọ nínú tèmi. Ìgbìmọ̀ kan tí ẹnìkan ò dìbò yàn jókòó, ó fi ọdún márùn-ún tọrẹ. Ṣé ìyẹn kì í ṣe ìyànjẹ?

Bàbá Ṣọ́ọ̀kì:
Àbúrò mi, mo gbọ́ ọ. Èmi náà dúró de ẹni kan rí. Àmọ́ ẹni tó bá kúrò, ṣé ó dá ọ lójú pé ìjọba máa fi ọ̀dọ́ rọ́pò rẹ̀? Ní ẹ̀ka tiwa, ẹni tó bá lọ, àlàfo rẹ̀ ló máa ń jókòó síbẹ̀.

Àbúrò Dókítà:
Òótọ́ lẹ sọ, bàbá. Ìyẹn náà dùn wá.

Amòfin Ìlú Òkè:
Àbúrò, jẹ́ kí n sọ ibi tí ẹjọ́ tiyín máa ti kọsẹ̀, kí ẹ má báa náwó lásán.

Ìkíní, wọ́n máa bi yín pé kí ló kàn yín. Látinú ẹjọ́ Adesanya àti Ààrẹ, 1981, ni ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ti fi lélẹ̀ pé ẹni tó bá pẹjọ́ gbọ́dọ̀ fi hàn pé ẹ̀tọ́ tirẹ̀ gan-an ni wọ́n tẹ̀ lójú. Ìgbéga tí ẹ̀ ń retí kì í ṣe ẹ̀tọ́, ìrètí ni. Bí ẹni tó ti ṣe gbogbo ohun tó yẹ fún ìgbéga bá fi ìwé hàn pé torí 65 nìkan ni wọn ò ṣe gbé e ga, ìyẹn lè gbé ẹsẹ̀ lé nǹkan. Àwọn yòókù, ó ṣòro.

Ìkejì, ẹ ò lè pè é ní ìyàsọ́tọ̀. Abala 42 dárúkọ ẹ̀yà, ibi téèyàn ti wá, ọkùnrin tàbí obìnrin, ẹ̀sìn, èrò òṣèlú, àti ipò tí wọ́n bí èèyàn sí. Kò dárúkọ ọjọ́ orí. Ọ̀bẹ olójú méjì nìyẹn sì ni, torí Bàbá Ṣọ́ọ̀kì náà ò lè lo abala 42 láti sọ pé 60 jẹ́ ìyànjẹ.

Ọmọ Hyderabad:
Ní ilẹ̀ òkèèrè ọ̀rọ̀ ọ̀dọ́ yẹn ti já sí nǹkan o. Ní Bulgaria, ọ̀jọ̀gbọ́n kan, Georgiev, gbé yunifásítì rẹ̀ lọ sí kóòtù. Òfin wọn ní tó bá pé 65, wọ́n kàn lè máa fún un ní àdéhùn ọdún kọ̀ọ̀kan títí di 68, kó wá lọ. Kóòtù ilẹ̀ Yúróòpù dáhùn ní oṣù Kọkànlá 2010 pé kò burú, tí èrò wọn bá jẹ́ láti pín iṣẹ́ láàárín ọ̀dọ́ àti àgbà, tí ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe é bá sì bá èrò náà mu. Ní Kánádà náà, ẹjọ́ McKinney àti Yunifásítì Guelph, 1990, kóòtù fara mọ́ ọn pé kí wọ́n máa lọ ní 65.

Amẹ́ríkà ló yàtọ̀. Wọ́n fagi lé ìfẹ̀yìntì tipátipá ní 1986, àmọ́ òfin náà ò tíì kan àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tí iṣẹ́ wọn jẹ́ ti títí lọ títí di òpin 1993, lẹ́yìn ìyẹn kò sí ọjọ́ orí kankan mọ́.

Oxford ló pa mí lẹ́rìn-ín. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n méjì pe yunifásítì náà lẹ́jọ́ lórí ìlànà ìfẹ̀yìntì kan ṣoṣo. Ìgbìmọ̀ ìgbẹ́jọ́ kan sọ pé Oxford jàre, òmíràn sọ pé Oxford jẹ̀bi. Wọ́n pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, ní 2021 kóòtù ní ìdájọ́ méjèèjì tọ̀nà, torí ẹ̀rí tí wọ́n kó síwájú kálukú yàtọ̀.

Màmá Bọ́sà:
Ẹ ti rìn jìnnà. Ẹ jẹ́ kí èmi tí mo fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe ìṣirò owó sọ tèmi.

Ẹ máa ń rò pé ìjọba ò fẹ́ 65 torí ó fẹ́ràn ọ̀dọ́. Rárá. Ìjọba ìpínlẹ̀ míì wà tó fẹ́ 65 torí kò rí owó gírátúítì san; bí àwọn àgbà bá dúró, gbèsè náà sún síwájú. Òmíràn sì wà tó fẹ́ kí wọ́n lọ torí owó oṣù àgbà kan tó ti ọ̀dọ́ méjì. Ẹ wo ibi tí tiyín wà kí ẹ tó mọ bí ẹ ṣe máa bá a sọ̀rọ̀.

Ẹ tún wo ọ̀rọ̀ dídáwó. Òfin owó ìfẹ̀yìntì ọdún 2014 ní kí òṣìṣẹ́ máa dá ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún, kí agbanisíṣẹ́ fi ìdá 10 sí i. Tí ìpínlẹ̀ yín bá wà nínú irú ètò yẹn, tó sì ń san tirẹ̀, ọdún márùn-ún àfikún jẹ́ owó gidi. Tí wọ́n bá ń yọ tiyín lóṣooṣù, tí wọn ò sì gbé e lọ síbi tó yẹ, ẹ̀ ń fi ọdún márùn-ún kún gbèsè tí wọ́n jẹ yín ni. Mo ti rí ìwé ẹni tó ro ara rẹ̀ sí ọlọ́rọ̀, nígbà tó débẹ̀, asán ló bá.

Kí ẹni kẹ́ni má sì lọ sí kóòtù lọ búra ọjọ́ ìbí tuntun o! Èyí tí ẹ kọ sílẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n gbà yín síṣẹ́ ni wọ́n máa lò. Mo mọ ẹni tó kéré sí àbúrò ẹ̀ nínú fáìlì.

Ọmọ Hyderabad:
😂 Màmá!

Alákòóso:
Mo ti yọ ọ̀rọ̀ méjì kúrò tó dárúkọ gómìnà àti ilé-ẹ̀kọ́ kan. Ẹ jẹ́ ká dúró lórí òfin.

Bàbá Ṣọ́ọ̀kì:
Ẹ ṣeun gan-an. Amòfin, ọ̀rọ̀ kóòtù ńkọ́? Ẹnìkan ní tí oṣù mẹ́ta bá ti kọjá, ẹjọ́ ti kú nìyẹn.

Amòfin Ìlú Òkè:
Kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́ ni, National Industrial Court. Abala 254C ló fún un ní ọ̀rọ̀ iṣẹ́ nìkan, òun nìkan ló sì ní in. Ẹ má gbé e lọ sí kóòtù gíga ìpínlẹ̀, wọ́n máa lé yín padà.

Ẹ fi èyí sọ́kàn pẹ̀lú: ẹjọ́ òṣìṣẹ́ kì í dé ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ níbí. Lẹ́yìn ẹjọ́ Skye Bank àti Iwu ní 2017, ó ti hàn kedere pé kóòtù kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ni òpin ìrìn. Ti Íńdíà tí wọ́n ń gbé lọ sókè léraléra yẹn, kò sí i fún wa. Ẹ̀ẹ̀kan ni ẹ ní láti gbé e lọ sókè, ẹ sì múra dáadáa.

Oṣù mẹ́ta yẹn, òfin tó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba ló ti wá. Ó ti pa ẹjọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn. Ṣùgbọ́n nínú ẹjọ́ àjọ tó ń pín owó ìjọba àpapọ̀ àti Johnson, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní òfin yẹn ò kan àdéhùn iṣẹ́. Síbẹ̀, èmi kì í gbà fún oníbàárà mi láti jókòó. Bí ẹ bá gba lẹ́tà lónìí, ẹ gbé e wá lọ́la.

Báyìí, èyí tó kù ló ṣe pàtàkì jù, mo sì ti ń retí kí ẹnìkan béèrè rẹ̀. Kí ni òfin tó dá kọ́lẹ́ẹ̀jì yín sílẹ̀ sọ? Kì í ṣe ti Abuja, kì í ṣe lẹ́tà ìgbìmọ̀. Òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì gan-an. Látìgbà ẹjọ́ Olaniyan àti Yunifásítì Lagos ní 1985 la ti mọ̀ pé ilé-ẹ̀kọ́ tí òfin dá sílẹ̀ ò lè yọ òṣìṣẹ́ àfi bí òfin náà ṣe là á sílẹ̀. Bí òfin yín bá fún ìgbìmọ̀ lágbára lórí ọjọ́ orí, gómìnà tuntun ò lè fi lẹ́tà lásán pa á rẹ́. Bí kò bá fún wọn, ẹ ti wà lórí iyanrìn látìbẹ̀rẹ̀.

Bàbá Ṣọ́ọ̀kì:
Mo lọ wá a. Rẹjísírà ò fẹ́ fún mi, akọ̀wé kékeré kan ló bá mi ṣe ẹ̀dà rẹ̀. Ohun tó wà níbẹ̀ nìyí lọ́rọ̀ ara mi: ìgbìmọ̀ lágbára láti gbani síṣẹ́, láti gbéni ga àti láti bá òṣìṣẹ́ wí. Àmọ́ lórí ìfẹ̀yìntì àti owó ìfẹ̀yìntì, ó ní òfin tó de àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀ ni kí wọ́n lò.

Akọ̀wé Ẹgbẹ́:
Họ́wù.

Amòfin Ìlú Òkè:
Ó ti yí padà nìyẹn. Mi ò ní tàn yín, bàbá. Lẹ́tà ìgbìmọ̀ yẹn ò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ohun tó kù fún ẹjọ́ ni agbára òfin àpapọ̀ ọdún 2012 lórí ìpínlẹ̀, ẹ sì ti gbọ́ èrò mi lórí ìyẹn.

Àwọn tó ti lé ní 60 yàtọ̀ sí yín. Wọ́n ṣiṣẹ́ lẹ́yìn 60 torí lẹ́tà tí ọ̀gá wọn kọ. Tí ìjọba bá ní kí wọ́n dá owó oṣù yẹn padà, tàbí tó fẹ́ yọ ọ́ nínú gírátúítì wọn, kí wọ́n tètè lọ sí kóòtù. Wọ́n ṣe iṣẹ́ náà. Ìyẹn lèmi máa fi gbogbo ara jà.

Ní tiyín, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀ ni kí ẹ gbà lọ, kí ẹ tó pé 60. Kí wọ́n tún òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì ṣe. Ẹ rí i dájú pé wọ́n kọ ọjọ́ tó máa bẹ̀rẹ̀ sínú rẹ̀, àti pé ó kan ẹni tó wà lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ náà. Òfin kì í sábà wo ẹ̀yìn àfi tó bá sọ bẹ́ẹ̀ fúnra rẹ̀. Tí wọ́n bá buwọ́ lù ú lẹ́yìn tí ẹ ti lọ, kò ní dá yín padà.

Màmá Bọ́sà:
Kí wọ́n sì kọ ibi tí owó máa ti wá sínú ẹ̀ o.

Àbúrò Dókítà:
Bí wọ́n bá pe ìpàdé ìgbọ́rọ̀ aráàlú lórí òfin náà, àwa náà máa wá. A ò ní sọ pé kí wọ́n má fún yín ní 65. A máa sọ pé kí wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé ẹni tó bá lé ní 60 kò ní jẹ́ olórí ẹ̀ka mọ́, kí àyè ẹni tó bá lọ sì di gbígbà síṣẹ́ láàárín oṣù mẹ́fà.

Bàbá Ṣọ́ọ̀kì:
Ti olórí ẹ̀ka yẹn, mo gbà. Mo tiẹ̀ ti sú. Ti oṣù mẹ́fà, èmi àti ìwọ la jọ máa sọ ọ́ níbẹ̀. Akọ̀wé, ẹ jọ̀ọ́, ta ni alága ìgbìmọ̀ ètò ẹ̀kọ́ nílé aṣòfin báyìí?

Akọ̀wé Ẹgbẹ́:
Mo máa fi nọ́ńbà akọ̀wé rẹ̀ ránṣẹ́ sí yín ní kọ̀rọ̀.